Ilé Kan, Owó Ilé Méjì

Bírìkìlà ni mí. Mo ti fẹ̀yìn tì báyìí, ọwọ́ mi kò lè gbé búlọ́ọ̀kù mọ́, ṣùgbọ́n bí mo bá ń kọjá lọ ní Ìkòròdú tí mo sì rí ògiri tuntun, igun rẹ̀ ni ojú mi máa kọ́kọ́ lọ, kí n lè mọ̀ bóyá ó dúró ṣánṣán. Ọmọ ọmọ mi kan ló ní kí n jókòó kí n sọ ìtàn iṣẹ́ mi, nítorí òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń ro irú iṣẹ́ tí wọ́n máa kọ́. Inú mi dùn sí i gan-an. Ẹ̀yin ọmọ, n kò ní fi àkókò yín ṣòfò lórí iye tí wọ́n ń san fún mi. Owó bírìkìlà ń wọlé, ó sì ń jáde, kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ohun tí mo fẹ́ sọ ni bí mo ṣe kọ́ṣẹ́, ẹni tó kọ́ mi, àti bí èmi àti ọ̀gá mi ṣe wá mọ iye tí ilé kan ń náni gan-an. Ọjọ́ tí a mọ̀ ọ́n yẹn, bí mo bá rántí rẹ̀ títí di òní, ara mi a máa yá gágá.

Ẹ̀pẹ́ ni wọ́n bí mi sí. Apẹja ni bàbá mi, ó sì yẹ kí n jogún iṣẹ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n omi kò gbà mí. Ọkọ̀ kò ní tíì jìnnà sí èbúté tí èébì á ti gbé mi. Bàbá mi fara dà á títí ó fi sú u. Nígbà tí mo ka ìwé mẹ́fà tán, ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950 wọ̀nyẹn, ó mú mi lọ sọ́dọ̀ Ọ̀gá Dáúdà, bírìkìlà tí gbogbo Ẹ̀pẹ́ mọ̀.

Bàbá mi ní, "Làsísì yìí kò wúlò fún mi lórí omi. Ẹ bá mi wò ó bóyá ó máa wúlò lórí ilẹ̀."

Ọ̀gá Dáúdà wò mí láti òkè délẹ̀. Ó ga, ó tín-ín-rín, kò sì fẹ́ràn ọ̀rọ̀ púpọ̀. Ó ní, "Ṣé ó mọ̀wé kà?"

"Ó ka ìwé mẹ́fà."

"Ó dáa. Èmi kò mọ̀ ọ́n kà rárá. Kí ó máa bọ̀ lọ́la."

Bí mo ṣe di ọmọ iṣẹ́ nìyẹn. Oṣù mẹ́fà gbáko ni mo fi sẹ́ yanrìn tí mo sì ń pọn omi. N kò fọwọ́ kan ṣíbí ìrẹ́lé. Lásìkò yẹn, ilé alámọ̀ ló pọ̀ jù ní Ẹ̀pẹ́. Ọkọ̀ ojú omi ló ń gbé símẹ́ńtì wá láti Èkó, ẹni tó bá fi símẹ́ńtì kọ́lé, àwọn ènìyàn a máa wá wò ó bí ẹni wá wo ìran. Kò sí ẹ̀rọ kankan. Àpótí onígi la fi ń ṣe búlọ́ọ̀kù, a ó rọ símẹ́ńtì àti yanrìn tí a pò sínú rẹ̀, a ó fi igi gún un kí ó le, a ó sì yọ ọ́ lọ́kọ̀ọ̀kan síta nínú oòrùn. Bí a bá fẹ́ mọ̀ bóyá ìlà búlọ́ọ̀kù dọ́gba, igò tí a bu omi sí dé ìdajì la máa dùbúlẹ̀ lórí rẹ̀, a ó sì máa wo bí omi inú rẹ̀ ṣe tẹ́.

Nígbà tí Ọ̀gá wá gbà kí n mọ ògiri, inú mi dùn débi pé mo ń kọrin. Mo mọ ìlà mẹ́rin. Ọ̀gá dé, ó na okùn pọ́ńbù sí i, ìyẹn okùn tí irin wúwo kan wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Irin náà jìnnà sí ẹsẹ̀ ògiri mi ní ìwọ̀n ìka kan péré.

Ó ní, "Ta ló mọ èyí?"

"Èmi ni, Ọ̀gá."

Ó gbé ẹsẹ̀ sókè, ó fi ti ògiri náà wó. "Tún un mọ."

Mo tún un mọ. Ó wó o. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló wó ògiri yẹn, lẹ́ẹ̀kẹta ni mo bú sẹ́kún. Mo rò pé ó máa lù mí, ṣùgbọ́n ó lóṣòó tì mí. Ó ní, "Làsísì, ẹni tó máa gbé ilé yìí kì í ṣe bírìkìlà. Kò mọ bí wọ́n ṣe ń na okùn. Ó kàn máa wọlé, á sùn, ó ti gbà pé ìwọ ti bá òun wò ó. Ṣé o gbọ́?"

"Mo gbọ́, Ọ̀gá."

"Tún un mọ."

Ìgbà kẹrin, ó na okùn, ó wò ó títí, ó sì bá iṣẹ́ tirẹ̀ lọ láìsọ̀rọ̀. Kò tún sí ìyìn tó dùn mọ́ mi bí ìdákẹ́jẹ́ẹ́ yẹn láyé mi.

Kò pẹ́ tí iṣẹ́ fi pọ̀ sí i ní Ìkòròdú. Ọ̀gá kó ìyàwó rẹ̀, Ìyá Sìdí, àti àwọn ọmọ rẹ̀ lọ síbẹ̀, ó sì mú mi dání. Yàrá méjì ni wọ́n háyà. Ìyá Sìdí ń ta ẹja yíyan ní Èbúté Ìkòròdú. Obìnrin tó já fáfá ni, ohùn rẹ̀ rinlẹ̀, kò sì ṣeé rẹ́ jẹ. Àwa ń kọ́ ilé fún àwọn oníṣòwò, fún àwọn tó ń ṣiṣẹ́ ìjọba, fún àwọn tó ń ta kòkó. Ṣùgbọ́n òrùlé yàrá tí Ọ̀gá háyà ń jò. Nígbà tí òjò ńlá kan rọ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ kan, abọ́ mẹ́fà ni Ìyá Sìdí gbé sílẹ̀ kí omi lè máa kán sínú wọn. Ó dìde, ó fọwọ́ lé ìbàdí.

"Bàbá Sìdí, gbogbo Ìkòròdú ló ń gbé ilé tí ẹ kọ́, àfi àwa."

Ọ̀rọ̀ náà wọ Ọ̀gá lára. Ó ti ra ilẹ̀ kékeré kan ní Lásunwọ̀n tẹ́lẹ̀, owó ìkọ́lé ni kò sí. Ẹnì kan ló sọ fún un pé ilé-iṣẹ́ ayánilówó kan wà ní Èkó tó ń yá ènìyàn lówó láti kọ́lé. Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, èmi pẹ̀lú rẹ̀ wọ ọkọ̀ ojú omi láti Èbúté. Mo bì lẹ́ẹ̀mejì ká tó débẹ̀.

Akọ̀wé ibẹ̀, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó lo awò ojú, gbà wá tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Ó ní, "Bàbá, a lè yá yín ní ọ̀ọ́dúnrún pọ́ùn. Ẹ ó máa san àádọ́ta ṣílè lóṣooṣù fún ogún ọdún. Ilẹ̀ yín àti ilé tí ẹ bá kọ́ sórí rẹ̀ ni ìdógò. Bí ẹ kò bá san, a lè tà á."

Ọ̀gá yíjú sí mi. "Àádọ́ta ṣílè lóṣù. Ṣé apá wa á ká a?"

Mo ní, "Á ká a, Ọ̀gá."

"Ó dáa. Ka ìwé náà."

Ẹ̀yin ọmọ, ibi tí mo ti ṣe àṣìṣe tó burú jù láyé mi nìyí. Ojú ewé méje ni ìwé náà. Mo ka àkọ́kọ́, mo túmọ̀ rẹ̀. Mo ka èkejì. Nígbà tí mo dé ìkẹta, èdè òyìnbó inú rẹ̀ ki bí ẹ̀kọ, gbólóhùn kan á gùn láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ojú tì mí láti sọ pé kò yé mi, èmi tí wọ́n ń pè ní akọ̀wé láàárín àwọn ọmọ iṣẹ́. Mo bá ń ṣí ojú ewé, mo ń mi ètè bí ẹni tó ń kàwé.

Ọ̀gá ní, "Kí ló wí?"

Mo ní, "Gbogbo rẹ̀ dáa, Ọ̀gá."

Ó ti àtàǹpàkò bọ tàdáwà, ó sì tẹ̀ ẹ́ sórí ìwé náà.

Oṣù márùn-ún la fi kọ́ ilé yẹn, mo sì lè fọwọ́ sọ̀yà pé kò sí ilé tó dúró dáadáa tó o ní gbogbo Lásunwọ̀n. Yàrá mẹ́rin, ọ̀dẹ̀dẹ̀ níwájú, páànù tuntun tó ń dán lórí. Lọ́jọ́ tí wọ́n kó wọlé, Ìyá Sìdí ń ti yàrá kan bọ́ sí òmíràn, ó ń fọwọ́ gbá ògiri, ó ń sọ pé, "Ó gbẹ! Ó gbẹ! Ẹ wá wò ó, ibí yìí náà gbẹ!" Àwọn ọmọ ń sáré tẹ̀ lé e, àwa ọmọ iṣẹ́ ń rẹ́rìn-ín. Ọ̀gá dúró síta, ó ń ṣe bí ẹni tí kò gbọ́, àmọ́ mo rí i tó ń fi etí àgbádá nu ojú.

Láti oṣù yẹn, èmi ni wọ́n ń fi àádọ́ta ṣílè rán lọ sí Èkó. Gbogbo oṣù ni mò ń gbé owó lọ tí mo sì ń gbé rìsíìtì bọ̀. Agolo bisikíìtì kan ni Ọ̀gá ń kó àwọn rìsíìtì náà sí. Òjò tàbí oòrùn, iṣẹ́ wà tàbí kò sí, kò jẹ́ kí oṣù kan fò. Ó mọ̀ pé èlé wà lórí owó náà, ṣùgbọ́n ó rò pé díẹ̀ ni wọ́n fi kún un. Ní ti ogún ọdún tí wọ́n dá, ó rò pé wọ́n kàn fún òun láyè ni, pé ẹni tó bá ń san án déédéé á parí rẹ̀ tipẹ́tipẹ́ ṣáájú.

Ọdún márùn-ún kọjá. Mo ti gba òmìnira iṣẹ́ nígbà náà, ṣùgbọ́n mo ṣì ń bá Ọ̀gá ṣiṣẹ́. Lásìkò náà ni òkìkí ẹ̀rọ búlọ́ọ̀kù dé. Irin ni, ó ní ọwọ́ gígùn tí ènìyàn máa fà wálẹ̀, àwọn tó ti rí i sọ pé ó ń ṣe láàárọ̀ ohun tí àpótí wa ń ṣe lọ́jọ́ mẹ́ta. Ẹnu Ọ̀gá kò kúrò lórí ẹ̀rọ yìí mọ́. Ó ti fi owó tó lé ní ọgọ́ta pọ́ùn pamọ́ nítorí rẹ̀, kò sì tíì tó. Ní ọjọ́ kan ó da àwọn rìsíìtì sílẹ̀, ó ní kí n kà wọ́n. Ọgọ́ta ni wọ́n, wọ́n pé.

"Èló ni gbogbo rẹ̀?"

"Àádọ́jọ pọ́ùn, Ọ̀gá."

Ó pàtẹ́wọ́. "A ti san ìdajì! Ó ku ìdajì! Ẹni tó ti san ìdajì láìpa oṣù kan jẹ, ṣé wọn ò ní yá a ní díẹ̀ sí i láti fi ra ẹ̀rọ?" Ó wọ àgbádá rẹ̀ tó dára jù, ó dé fìlà, a sì wọ ọkọ̀ lọ sí Èkó.

Akọ̀wé kan náà la bá. Ó gbé ìwé ńlá kan jáde, ó wá orúkọ Ọ̀gá. Ó ní, "Ẹ kú ìsapá, Bàbá. Ẹ ń san owó yín dáadáa. Ó ku igba pọ́ùn àti mẹ́tàlélọ́gọ́ta, àti ṣílè márùn-ún."

Ọ̀gá rẹ́rìn-ín. "Ti ẹlòmíràn lo ń kà yẹn, ọmọ mi. Dáúdà, bírìkìlà, Ìkòròdú."

"Tiyín ni, Bàbá."

"Mo ti san àádọ́jọ!"

"Bẹ́ẹ̀ ni, ẹ ti san án. Ọgọ́rùn-ún pọ́ùn àti mẹ́tàlá, àti ṣílè márùn-ún nínú rẹ̀, èlé ni. Mẹ́rìndínlógójì pọ́ùn àti ṣílè mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ló dín ojú owó tí ẹ yá kù. Ó wà nínú ìwé tí ẹ tẹ̀ka sí."

N kò lè wo ojú Ọ̀gá. Ó dìde. Ó ní, "Olè ni yín." Kò pariwo, ohùn rẹ̀ sì lọ sílẹ̀ débi pé ẹ̀rù bà mí. Títí a fi gúnlẹ̀ ní Èbúté, ojú omi ló ń wò. Nígbà tí a délé ló sọ fún Ìyá Sìdí pé òun kò ní san kọ́bọ̀ kan mọ́, kí wọ́n wá mú òun.

Ìyá Sìdí fọwọ́ lérí. "Bí wọ́n bá wá ńkọ́? Bí wọ́n bá ta ilé mọ́ wa lórí ńkọ́?"

"Kí wọ́n tà á."

Oṣù kan kọjá, a kò san. Oṣù kejì wọlé. Mo ti fara balẹ̀ ka ẹ̀dà ìwé náà tó wà lọ́wọ́ Ọ̀gá nígbà yẹn, mo ti rí i pé bí oṣù mẹ́ta bá kọjá láìsan, wọ́n lẹ́tọ̀ọ́ láti ta ilé náà. Mo lọ bá Ọ̀gá níbi iṣẹ́, mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí yanrìn.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́. Lọ́jọ́ tí ẹ ní kí n ka ìwé, n kò kà á tán. Láti ojú ewé kẹta lọ, kò yé mi. Ojú tì mí ni mo fi ní gbogbo rẹ̀ dáa. Kì í ṣe àwọn ló ṣe yín níbi. Èmi ni."

Mo gbọ́ bí ó ṣe ń fi ṣíbí ha símẹ́ńtì kúrò lórí pákó, tó ń ha á, tó ń ha á. Lẹ́yìn náà ni ó ní, "Dìde." Mo dìde. Ó wo ojú mi.

"Tún un kà."

Ọ̀rọ̀ yẹn gbé mi dé Èkó lọ́jọ́ kejì. Mo bẹ akọ̀wé náà pé kí ó fi ojú ewé kẹrin, èyí tó dá lórí èlé, yé mi. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà jẹ́ ọmọlúàbí. Ó pa oúnjẹ ọ̀sán rẹ̀ tì, ó mú bébà, ó sì là á sílẹ̀ fún mi bí ẹni ń kọ́ ọmọ ní A-B-D. Mo bi í ní ìbéèrè, mo tún bi í. Nígbà tí mo béèrè ìbéèrè ìkẹyìn, ó gbé awò ojú rẹ̀ kúrò. Ó ní, "Láti ìgbà tí mo ti ń ṣiṣẹ́ níbí, ẹnì kan kò tíì bi mí ní ìbéèrè yẹn rí." Èsì tó fún mi mú kí n fẹ́ fò láti ojú fèrèsé. Mo sáré lọ sí èbúté, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ ti obìnrin kan ṣubú. Ó ṣe mí bíi pé kí n bá wọn wa ọkọ̀ náà kí ó lè yára.

Mo bá Ọ̀gá àti Ìyá Sìdí lẹ́yìn ilé, níbi tí a kó búlọ́ọ̀kù sí. Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dúró. Ẹ má sọ ohunkóhun." Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka búlọ́ọ̀kù, mo to àádọ́ta sí ojú kan. Mo ti ń mí hẹlẹhẹlẹ.

"Ọ̀gá, ẹ jẹ́ ká ní ṣílè kan ni búlọ́ọ̀kù kan. Àádọ́ta yìí lẹ gbé lọ fún wọn ní oṣù àkọ́kọ́." Mo kó ogójì lọ sí ẹsẹ̀ ọgbà. "Èyí, èlé ni. Ti àwọn ni. Kò mú gbèsè yín dín." Mo kó mẹ́wàá tó kù síwájú rẹ̀. "Èyí nìkan ló wọnú ògiri yín."

Ọ̀gá na ọwọ́ sí búlọ́ọ̀kù mẹ́wàá náà. "Mẹ́wàá? Mo gbé àádọ́ta, mẹ́wàá ló mọ ògiri?"

"Mẹ́wàá, Ọ̀gá. Lórí gbogbo gbèsè tó bá kù ni wọ́n ti ń ka èlé. Bí gbèsè bá ṣe ń dín kù, èlé náà á máa dín kù. Lóṣù yìí, márùndínlógójì ni tiwọn, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni tiyín. Bí ẹ bá san án bẹ́ẹ̀ títí ogún ọdún á fi pé, ẹgbẹ̀ta pọ́ùn lẹ máa san."

Ìyá Sìdí pariwo. "Ẹgbẹ̀ta! Ilé kan, owó ilé méjì!"

Ọ̀gá jókòó sórí búlọ́ọ̀kù. Ẹni tí kò lè ka lẹ́tà kan ni, ṣùgbọ́n kò sí ohun tí ẹ fi búlọ́ọ̀kù sọ fún un tí kò ní yé e. Ó wo ogójì lọ́hùn-ún, ó wo mẹ́wàá níbí. Ó ní, "Wọn kò jí i. Èmi ni mi ò béèrè. Iye tí mo máa san lóṣù nìkan ni mo béèrè."

Ìyá Sìdí kò jókòó o. Ó ń yí búlọ́ọ̀kù náà ká bí ẹni tó ń ná ọjà. Lójijì ó dúró. "Làsísì. Bí a bá gbé mọ́kànléláàádọ́ta lọ ńkọ́? Ọ̀kan tó lé yẹn, ta ló ni ín?"

Ìbéèrè tí mo bi akọ̀wé gan-an nìyẹn! Mo fò sókè, mo lu àtẹ́lẹwọ́. "Tiwa ni, Ìyá! Gbogbo rẹ̀! Wọ́n ti gba èlé wọn nínú àádọ́ta, ohunkóhun tó bá lé, inú ògiri ló ń lọ tààrà. Ó wà lójú ewé kẹrin. Ẹ wò ó, bí ẹ bá mú ṣílè mẹ́ẹ̀ẹ́dógún lé e lónìí, odindi oṣù kan ti kúrò níwájú yín nìyẹn. Ṣílè mẹ́ẹ̀ẹ́dógún òní á pa àádọ́ta ṣílè ọjọ́ iwájú rẹ́!"

Ọ̀gá gbórí sókè. "Tún un sọ."

Mo tún un sọ. Ó ní kí n tún un tò. Mo tún un tò, márùndínlógójì lọ́hùn-ún, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún níbí. Ìgbà kẹta, òun fúnra rẹ̀ ló gbé búlọ́ọ̀kù mẹ́ẹ̀ẹ́dógún wá láti ibòmíràn, ó tò wọ́n lé mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ti tẹ́lẹ̀, ó sì ń rẹ́rìn-ín bí ọmọdé. Ó sáré wọlé. Nígbà tí ó jáde, owó ẹ̀rọ búlọ́ọ̀kù ló gbé lọ́wọ́.

Ìyá Sìdí ní, "Ẹ̀rọ yín ńkọ́?"

"Àpótí onígi kò tíì kú."

Pọ́ùn mẹ́tàlélọ́gọ́ta àti ṣílè márùn-ún la gbé lọ, lẹ́yìn tí a san ti oṣù tí a ti pa jẹ àti owó ìtanràn tó wà lórí rẹ̀. Gbèsè náà bọ́ sí igba pọ́ùn géérégé. Akọ̀wé ṣírò rẹ̀ fún wa: owó yẹn nìkan ti gé ọdún márùn-ún àti oṣù márùn-ún kúrò. Owó tó lé ní ọgọ́jọ pọ́ùn ni a kò ní san mọ́! Ẹ bá mi rò ó, ẹ̀yin ọmọ. Èmi àti Ọ̀gá kò lè dúró lójú kan nínú ọ́fíìsì yẹn. À ń dì mọ́ ara wa, Ọ̀gá Dáúdà tí kò fọwọ́ kan ẹnikẹ́ni rí.

Láti ìgbà náà, pọ́ùn kan la ń fi lé àádọ́ta ṣílè lóṣooṣù. Níbo ló ti ń wá? Búlọ́ọ̀kù ni. Ní gbogbo ọjọ́ Àìkú, a ń fi àpótí onígi ṣe búlọ́ọ̀kù, a ń tà á fún àwọn tó ń kọ́ ṣọ́ọ̀bù lápá Benson ní Ìkòròdú. Ìyá Sìdí ń fi èrè ẹja rẹ̀ kún un. Ó fi èédú sàmì sí ògiri ilé ìdáná, àmì kan fún oṣù kọ̀ọ̀kan tí a bá pa rẹ́, bí wọ́n bá ní kí ó fọ̀ ọ́ kúrò, á fárígá.

Kí n tó sọ bí ó ṣe parí, ẹ jẹ́ kí n yára sọ ìyókù iṣẹ́ mi. Mo dá dúró, mo ní ọmọ iṣẹ́ tèmi. Ẹ̀rọ búlọ́ọ̀kù dé, lẹ́yìn náà ni èyí tó ń lo epo dé. Lẹ́fẹ̀ẹ́lì gba iṣẹ́ lọ́wọ́ igò olómi. Ẹ̀rọ tó ń po kọnkéré dé, ohun tí lébírà mẹ́wàá ń fi ṣọ́bìrì pò di iṣẹ́ ẹni méjì. Gbogbo rẹ̀ ni mo kọ́, gbogbo rẹ̀ ni mo sì fẹ́ràn. Okùn pọ́ńbù nìkan ni kò yí padà. Mo kọ́ ilé ní Ìkòròdú, ní Ẹ̀pẹ́, àti ní àwọn abúlé tó wà láàárín wọn. Oníbàárà tó bá sọ fún mi pé òun fẹ́ yáwó kọ́lé, n kì í sọ pé kí ó má yá a. Bí kò bá sí owó yẹn, àwọn ọmọ Ọ̀gá ì bá dàgbà sínú abọ́ òjò. Èmi náà yáwó kọ́ tèmi, mo sì san án tán kí ọjọ́ rẹ̀ tó pé. Ohun tí mo máa ń bi wọ́n ni pé, "Èló ni gbogbo rẹ̀ máa jẹ́ títí dé òpin?" Ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n, mo máa ń sọ fún un pé kí ó lọ béèrè kí n tó gbẹ́ ìpìlẹ̀. Àwọn kan bínú sí mi. Púpọ̀ padà wá dúpẹ́.

Ó wá ku bí ó ṣe parí. Dípò ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tó kù, ọdún mẹ́fà la fi san án tán. Bí a bá yọ gbogbo owó tí a fi lé e kúrò, owó tó lé ní àádóje pọ́ùn ló dúró sí ọwọ́ wa. Àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta la jọ lọ san ti ìkẹyìn. Akọ̀wé náà, tí ewú ti ń yọ lórí rẹ̀, lu òǹtẹ̀ mọ́ ìwé, ó dìde dúró, ó sì fi ọwọ́ méjèèjì gbé ìwé ilẹ̀ fún Ọ̀gá. Nínú ọkọ̀ tí a wọ̀ bọ̀, Ọ̀gá kò jẹ́ kí a fi ìwé náà sínú báàgì. Ó gbé e mọ́ àyà. Ẹnì kan bi í léèrè ohun tó jẹ́, ni ó bá ròyìn rẹ̀ láti orí búlọ́ọ̀kù mẹ́wàá títí dé orí àádọ́ta fún gbogbo èrò ọkọ̀, Ọ̀gá Dáúdà tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, títí a fi gúnlẹ̀ ní Èbúté. Àwọn èrò ń pàtẹ́wọ́ fún un.

A dé Lásunwọ̀n. Oòrùn ṣì mú. Ọ̀gá dé ẹnu ọ̀nà, kò wọlé. Ó bọ́ bàtà. Ó bọ́ fìlà pẹ̀lú, ó tẹ̀ ba díẹ̀.

Ó ní, "Ẹ kú ilé o."

Ìyá Sìdí tó wà lẹ́yìn rẹ̀ ní, "Ta lẹ ń kí? Kò sí ẹnikẹ́ni nílé, àwọn ọmọ ti lọ sí ilé-ìwé."

"Ilé fúnra rẹ̀ ni mò ń kí. Òní la ṣẹ̀ṣẹ̀ mọra."

Ìyá Sìdí wò ó, ó wo ilé náà. Ó gbé igbá ẹja tó yà mú ní Èbúté sọ̀ kalẹ̀, ó sì rọra fi èjìká tì í sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Ẹ yà lọ́nà, Bàbá Sìdí. Ẹ jẹ́ kí onílé kejì náà wọlé."